Ẹ Bi Wá Nípa Ẹyẹ: Agboolé Kan Náà, Ojúlé Ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o. Aláró ni mí ní Ìta-Olóòkan, ní Òṣogbo níbí. Oṣù kọkànlá ọdún tó kọjá ni mo lọ bá ọmọ mi obìnrin tọ́jú ọmọ tuntun ní Aberdeen, oṣù kẹta ni mo tó padà. Àwọn ẹyẹ ńlá kan wà ńbẹ̀, ara wọn funfun, ẹ̀yìn wọn dà bí eérú, òrùlé tó kọjú sí fèrèsé wa ni wọ́n máa ń bà lé láràárọ̀, ariwo wọn ò sì jẹ́ kọ́mọ sùn. Bàbá àgbà kan tó ń gbé nísàlẹ̀ wa ní herring gull ni wọ́n, pé ọmọ onílẹ̀ ni àwọn kan, àwọn kan sì ń sá òtútù bọ̀ láti Norway. Mo ya fọ́tò wọn lọ́pọ̀, mẹ́ta ni mo fi ránṣẹ́ yìí. Nínú ọ̀kan ẹ̀yìn ẹyẹ dúdú, nínú òmíì ó fẹ́rẹ̀ẹ́ funfun. Ṣé èyí tó dúdú yẹn ni àlejò? — Ìyá Aláró

ÌDÁHÙN: Màmá, ẹ kú ewu ọmọ o, Ọlọ́run á dá a sí. Lẹ́tà yín dùn mọ́ mi nínú gan-an torí ọdún mẹ́ta lèmi náà fi gbé etí òkun lápá ibẹ̀ yẹn, àwọn ẹyẹ yìí ló sì sọ mí di ẹni tó ń wo ẹyẹ. Òótọ́ ni bàbá yẹn sọ. Herring tí wọ́n fi ń pè é yẹn, ẹja ṣáwá tí à ń rà nínú fíríìsà ní Ọjà-Ọba náà ni, torí náà tí n bá ní ẹyẹ ṣáwá, ẹ ti mọ ohun tí mò ń sọ.

Ẹ jẹ́ ká fi agboolé wò ó. Agboolé ẹyẹ ṣáwá ní Yúróòpù, Larus argentatus ni orúkọ rẹ̀ lọ́dọ̀ àwọn onísáyẹ́ǹsì, ojúlé méjì ló sì wà nínú rẹ̀. Ojúlé kan ń jẹ́ argenteus, òun ló ń pamọ ní Britain, Ireland, Iceland, ìwọ̀ oòrùn Faransé títí lọ dé Netherlands. Ìkejì ń jẹ́ argentatus bíi orúkọ agboolé fúnra rẹ̀, Norway, Sweden, Finland, yíká òkun Baltic títí wọ ìwọ̀ oòrùn àríwá Rọ́ṣíà nilé tiwọn. Ọdún 1763 ni wọ́n ti fún argentatus lórúkọ, ti argenteus di 1822. Fàdákà lorúkọ méjèèjì ń tọ́ka sí, ìyẹn ló ń dà wọ́n pọ̀ mọ́ èèyàn lórí, torí náà ọmọ onílẹ̀ àti ará àríwá ni màá máa pè wọ́n.

Èyí tó bá jẹ́ pé òun ló ń pamọ ní Aberdeen nígbà ooru, ọmọ onílẹ̀ ni. Àmọ́ tí òtútù bá dé, àwọn ará àríwá á sọ̀ kalẹ̀ wá, gbogbo wọn á jọ wà lórí òrùlé kan náà, láti bí oṣù kọkànlá sí oṣù kejì tàbí ìkẹta. Ẹ wá wò ó, àsìkò tẹ́ ẹ wà ńbẹ̀ gan-an nìyẹn. Ká ní oṣù kẹfà lẹ lọ ni, mi ò bá má ti kọ̀wé tó báyìí.

Ẹ̀yìn wọn tẹ́ ẹ béèrè. Lóòótọ́, ẹ̀yìn ará àríwá máa ń dú ju ti ọmọ onílẹ̀ lọ, eérú tó ki díẹ̀ ni, ti ọmọ onílẹ̀ sì fúyẹ́. Ṣùgbọ́n Màmá, ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń paṣọ láró mọ èyí jù mí lọ: tẹ́ ẹ bá ní aṣọ méjì, ọ̀kan wọnú ìkòkò aró lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ìkejì lẹ́ẹ̀mẹ́rin, tẹ́ ẹ wá fi ọ̀kan han oníbàárà lónìí tí oòrùn ń ràn, ẹ fi ìkejì hàn án lọ́la tí ojú ọjọ́ ṣú, ṣé ó lè sọ èyí tó dú jù fún yín? Kò lè sọ ọ́. Àfi kẹ́ ẹ sá méjèèjì sórí okùn kan náà, lákòókò kan náà, kí méjèèjì ti gbẹ. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ẹyẹ ṣáwá rí. Ẹyẹ méjì nínú fọ́tò kan ṣoṣo, kí wọ́n kọjú síbì kan náà, ìyẹn nìkan lèèyàn fi lè dá àwọ̀ wọn mọ̀, torí tí ẹyẹ bá yí ara díẹ̀ báyìí, iná oòrùn á bà á lọ́nà míì, àwọ̀ á sì yí padà.

Fóònù dẹ̀ tún ń dá kún un. Nínú fọ́tò yín àkọ́kọ́, ẹyẹ yẹn nìkan ló wà ńbẹ̀, ojú ọ̀run funfun báláú ló wà lẹ́yìn rẹ̀, fóònù wá rí ìmọ́lẹ̀ tó pọ̀ jù, ó fà á sílẹ̀, gbogbo ara ẹyẹ sì ṣú. Òun lẹ pè ní dúdú yẹn. Mi ò lè sọ ojúlé tó ti wá, kò sì sẹ́ni tó lè fi fọ́tò yẹn sọ ọ́. Fọ́tò kejì, ẹyẹ yẹn ṣì ní àwọ̀ ilẹ̀ káàkiri ara, ọmọdé ni, ọdún bíi mẹ́rin ló máa ń gbà wọ́n kí wọ́n tó wọ aṣọ àgbà tán. Lójú tèmi, kí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ fi àwọn ọmọdé sílẹ̀ ná, kó máa wo àwọn àgbà tí ẹ̀yìn wọn ti di eérú, tí ẹnu wọn ti yẹ́lò tó ní àmì pupa nísàlẹ̀. (Àmì pupa yẹn, òun ni ọmọ inú ìtẹ́ máa ń sọ lẹ́nu kí ìyá lè pọ oúnjẹ fún un. Niko Tinbergen ló fi ọ̀pọ̀ ọdún wo ọ̀rọ̀ yẹn, ó wà lára àwọn mẹ́ta tó gba ẹ̀bùn Nobel ní 1973 fún ìmọ̀ ìwà àwọn ẹranko.)

Fọ́tò kẹta ni góòlù. Ẹyẹ mẹ́rin tò sórí òrùlé kan, gbogbo wọn kọjú sí afẹ́fẹ́, mẹ́ta àwọ̀ wọn dọ́gba, ẹyọ kan tó wà lápá ọ̀tún dú jù wọ́n lọ, orí rẹ̀ tún kún fún ìlà ìlà aláwọ̀ ilẹ̀ títí dé ọrùn, bẹ́ẹ̀ ìparí oṣù kejì lẹ ya fọ́tò ọ̀hún, nígbà tí orí àwọn mẹ́ta tó kù ti funfun. Gbogbo wọn ló máa ń ní ìlà lórí nígbà òtútù, ṣùgbọ́n àwọn ọmọ onílẹ̀ máa ń tètè bọ́ ọ sílẹ̀, ti ará àríwá sábà máa ń pọ̀ jù, ó sì máa ń pẹ́ lórí wọn.

Ibi tí mo fẹ́ràn jù láti wò ni ṣóńṣó apá, ẹyẹ yín sì ṣe wá lóore, ó na apá kan. Ìyẹ́ gígùn mẹ́wàá tó ń gbé ẹyẹ fò ló wà níbẹ̀, inú la ti ń kà á bọ̀ síta, èyí tó wà níta pátápátá ni ìkẹwàá. Dúdú ni ṣóńṣó apá, àmì funfun sì wà nínú dúdú náà. Lára ọmọ onílẹ̀ dúdú yẹn máa ń pọ̀: ìyẹ́ kẹwàá á ní àmì funfun, dúdú á tún là á kọjá, kó tó wá kan funfun kékeré lópin, ìkẹsàn-án á ní àmì kékeré tàbí kó má ní rárá. Ará àríwá, pàápàá àwọn tó ti òkè Norway wá, funfun tiwọn ló ń pọ̀, ìparí ìyẹ́ kẹwàá lè funfun pátá láìsí dúdú tó là á, àmì ìkẹsàn-án á sì tóbi. Ti ẹyẹ yín funfun pátá. Àwọ̀ ẹ̀yìn, ìlà orí, ṣóńṣó apá, mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ń sọ ohun kan náà, mo gbà pé ará àríwá lẹ rí, Màmá, ẹ kú ojú!

Ẹ fọkàn sí i ṣá pé nígbà tẹ́ ẹ dé ní oṣù kọkànlá, ọ̀pọ̀ ará àríwá ò tíì pààrọ̀ ìyẹ́ tán, wọ́n máa ń pẹ́ ju ọmọ onílẹ̀ lọ nídìí ẹ̀, ìyẹ́ kẹwàá lè ṣì máa hù lọ́wọ́, ẹni tó bá fi apá yẹn dájọ́ á ṣì í.

Wọ́n á tún sọ fún yín pé ará àríwá tóbi jù. Ó tóbi lóòótọ́, orí rẹ̀ pẹlẹbẹ, ẹnu rẹ̀ ki, ṣùgbọ́n akọ tóbi ju abo lọ nínú ojúlé méjèèjì, bẹ́ẹ̀ láti 55 dé 67 sẹ̀ǹtímítà lẹyẹ ṣáwá lè gùn. Ọ̀rọ̀ yìí ká mi lára torí ó ti ṣẹlẹ̀ sí mi. Ọdún kejì mi lọ́hùn-ún mo rí gbàǹgbà kan ní èbúté, mo kọ ọ́ sínú ìwé mi pé Norway ni, ó dá mi lójú. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì mo tún rí i, ó gbé ẹsẹ̀ sókè, òrùka wà ńbẹ̀, mo ka ohun tí wọ́n kọ sí i, mo fi ránṣẹ́ sí àwọn tó ń so òrùka, èsì tó padà ni pé inú ìtẹ́ ní Scotland níbẹ̀ ni wọ́n ti so ó mọ́ ọn lẹ́sẹ̀ nígbà tó wà lọ́mọ. Akọ ńlá ni, ọmọ onílẹ̀ pọ́ńbélé. Láti ọjọ́ náà mi ò fi títóbi nìkan pe ẹyẹ kankan mọ́. Ẹ sọ fún ọmọ yín kó máa wo ẹsẹ̀ wọn, torí òrùka ò ní tàn yín bí àwọ̀ ṣe ń tan èèyàn.

Ẹsẹ̀ náà ni mo ní kí n fi kún un: àwọ̀ píǹkì ni ẹsẹ̀ ojúlé méjèèjì ní, àmọ́ àwọn kan láàárín ará àríwá lápá Baltic ní ẹsẹ̀ yẹ́lò. Agboolé mìíràn tún wà lápá òkun Mẹditaréníà tẹ́sẹ̀ tiwọn yẹ́lò pátá, michahellis, ìyẹn kì í ṣe ẹyẹ ṣáwá mọ́, kẹ́ ẹ má dà wọ́n pọ̀.

Ẹ tiẹ̀ bá mi bẹ àwọn ará ilé pé kí wọ́n má lé wọn lórí òrùlé. Ariwo wọn pọ̀, mo mọ̀, ṣùgbọ́n láti 2009 ni wọ́n ti wà lára àwọn ẹyẹ tí wọ́n kọ sí ìlà pupa ní Britain, ìyẹn àwọn ẹyẹ tí ọ̀rọ̀ wọn ń kọni lóminú jù, torí iye wọn ti wálẹ̀ gidigidi.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ̀gbọ́n, ẹ̀yìn ilé ìpẹran ni mò ń gbé, nínú Òṣogbo. Àwòdì pọ̀ ńbẹ̀ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ẹnu àwọn kan yẹ́lò, ti àwọn kan dúdú. Ọ̀rẹ́ mi ní ọmọ ni àwọn ẹlẹ́nu dúdú, èmi ní irú míì ni. Ẹ bá wa dá sí i. — Ọmọ Ẹ̀yìn Ìpẹran

ÌDÁHÙN: Àbúrò, ẹ̀yin méjèèjì lẹ lè jàre. Àwòdì ilẹ̀ wa tó ti dàgbà, ẹnu rẹ̀ yẹ́lò látòkè délẹ̀, orí rẹ̀ ní àwọ̀ ilẹ̀. Ọmọ rẹ̀, ẹnu dúdú ni, àmọ́ orí rẹ̀ náà ò ní funfun. Òmíràn wá wà tó ń ti Yúróòpù wá bá wa nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, tó fi ẹnu dúdú dàgbà, ìdí ẹnu nìkan ló yẹ́lò, orí rẹ̀ sì rí bí ewú àgbàlagbà. Torí náà tó o bá rí ẹnu dúdú, má tíì pariwo, wo orí. Àwọn kan lára àwọn onímọ̀ ní agboolé kan náà ni wọ́n, àwọn kan ti yà wọ́n. Tí òjò bá wọlé dáadáa wọ́n á dínkù lójú ọ̀run wa, torí náà ẹ tètè wò wọ́n kó tó dìgbà yẹn.

ÌBÉÈRÈ: Olùkọ́ wa ní ẹyẹ ṣáwá yí òkè ayé po bí òrùka, pé aládùúgbò ń bá aládùúgbò gùn, ṣùgbọ́n níbi tí òrùka ti pàdé ní Yúróòpù, àwọn méjèèjì ò gbara wọn mọ́. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni? — Akẹ́kọ̀ọ́, Òṣogbo

ÌDÁHÙN: Ìtàn tó dùn ni, Ernst Mayr, onímọ̀ nípa ẹyẹ, ló jẹ́ kó gbajúmọ̀ nínú ìwé rẹ̀ ní 1942, ó sì pẹ́ nínú ìwé ilé ìwé. Ẹni kejì tí wọ́n ní ó pàdé ẹyẹ ṣáwá níparí òrùka yẹn ni lesser black-backed gull, tí ẹ̀yìn rẹ̀ dú gan-an, ìwọ náà lè rí i létí òkun ní Èkó nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Ní 2004, àwọn onísáyẹ́ǹsì mẹ́ta, Liebers, de Knijff àti Helbig, yẹ DNA wọn (àmì ìdílé tó wà nínú ara) wò káàkiri, wọ́n sì rí i pé òrùka ò pé: ẹyẹ ṣáwá ti Amẹ́ríkà kì í ṣe ọmọ tó ti Yúróòpù sọdá òkun Atlantic, àwọn tó wà lápá Éṣíà ló sún mọ́ jù. Ìdí nìyí tí ọ̀pọ̀ fi ti yọ tirẹ̀ sọ́tọ̀ báyìí, Larus smithsonianus. Ṣùgbọ́n ti aládùúgbò yẹn jẹ́ òótọ́ láàárín ojúlé méjì tí mo sọ fún Màmá lókè, wọ́n ń gùn níbi tí ilé wọn ti kanra, ìdí ẹ̀ nìyẹn tí àwọn kan fi wà tí kò jọ ti ibì kankan tán. Fi èyí han olùkọ́ yín pẹ̀lú ọ̀wọ̀, kó o sì bá mi kí i.