Fíìmù Park Nam-ok já lójijì: ṣé ẹ̀dà tiwa ló bàjẹ́ ni?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́, sà. Ẹgbẹ́ wa fẹ́ jọ wo The Widow (1955), fíìmù Park Nam-ok, obìnrin àkọ́kọ́ tó darí fíìmù ní Kòríà. Mo dán an wò, àfi bí ohùn ṣe pa nígbà tó kù díẹ̀ kó parí, tí àwòrán náà sì já. Ṣé kí n wá ẹ̀dà mìíràn? Àbí ká wo òmíràn tó ṣe?

Ìdáhùn: Ẹ má wulẹ̀ dààmú. Bẹ́ẹ̀ náà ni tọwọ́ Korean Film Archive, àwọn tó ń tọ́jú fíìmù àtijọ́ ní Seoul, ṣe rí. Ohùn nǹkan bí ìṣẹ́jú 10 tó gbẹ̀yìn ti sọnù, róòlù tí ìparí ìtàn wà nínú rẹ̀ náà sì ti dàwátì.

Park ò ṣe fíìmù mìíràn. Ọkọ rẹ̀, Lee Bo-ra, ló kọ ìtàn, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ló yọwó, fíìmù tẹ́ẹ́rẹ́ tí wọ́n ń pè ní 16mm ni wọ́n sì fi yà á. Ìyá ọmọ tuntun ni Park nígbà náà. Ó pọn ọmọ sẹ́yìn, ó ń darí àwọn òṣèré, ó sì tún ń dáná fún gbogbo òṣìṣẹ́ nítorí owó ò tó. (Ẹni tó ti ń ju irin níbi eré ìdárayá látilé ìwé, ara rẹ̀ le!) Ó dé ibi tí wọ́n ti ń gba ohùn sílẹ̀, wọ́n ní àwọn ò ní fi iṣẹ́ obìnrin bẹ̀rẹ̀ ọdún. Ọjọ́ mélòó kan péré ni sinimá fi gbé e. Owó ò wọlé, kò sì darí òmíràn mọ́ títí ó fi kú ní Los Angeles lọ́dún 2017. Àjọ̀dún fíìmù obìnrin ti Seoul ló tún gbé iṣẹ́ rẹ̀ jáde lọ́dún 1997.

Lójú tèmi, ibi tó yẹ kẹ́ ẹ tẹjú mọ́ ni ti opó inú fíìmù náà fúnra rẹ̀. Ogun pa ọkọ rẹ̀, ó rí ọ̀dọ́mọkùnrin kan fẹ́ràn, ó sì gbé ọmọ rẹ̀ fún aládùúgbò tọ́jú. Park ò bá a wí rárá.

Ẹ sọ fáwọn èèyàn ṣáájú pé ohùn yóò pa. Ẹ má fi orin kankan dí àlàfo náà. Bó bá sì jẹ́ orí YouTube lẹ ti ń wò ó, ẹ pa autoplay, kí fídíò mìíràn má baà já wọlé.