Báwo la ṣe ń pín 3/4 lítà omi fún èèyàn 5?

3/20 lítà ló kan ẹnì kọ̀ọ̀kan. Ẹ sọ 4 tó wà nísàlẹ̀ di ìlọ́po márùn-ún, ìyẹn 20, kí ẹ má sì fọwọ́ kan 3 tó wà lókè.

Ìdí rẹ̀ ló yẹ kó yé èèyàn ju òfin lọ. 3/4 túmọ̀ sí pé a pín odindi kan sí ọ̀nà mẹ́rin ọgbọọgba, a sì mú mẹ́ta níbẹ̀. Bí a bá tún pín ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú ọ̀nà mẹ́rin yẹn sí márùn-ún, odindi náà ti di ìpín kéékèèké 20 nìyẹn. Ẹnì kọ̀ọ̀kan á mú ìpín kékeré kan látinú ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú mẹ́ta tó wà nílẹ̀. Ó di mẹ́ta nínú 20.

Ẹ fi mìlílítà yẹ̀ ẹ́ wò: 3/4 lítà jẹ́ 750. Ẹ pín in sí márùn-ún, ó di 150. 3/20 lítà náà, 150 ni.

Bí nọ́ńbà òkè bá ṣeé pín láìṣẹ́kù, ọ̀nà tó yá ju èyí lọ wà: 6/7 fún èèyàn 3 jẹ́ 2/7, ó parí.

Àṣìṣe kan tó wọ́pọ̀ ni pé nọ́ńbà òkè ni àwọn kan ń sọ di ìlọ́po, tí wọ́n á wá rí 15/4. Ìyẹn ju lítà mẹ́ta lọ fún ẹnì kan ṣoṣo, bẹ́ẹ̀ omi tí a fẹ́ pín kò tó lítà kan!