Yente: ṣé orúkọ olófòófó ni, àbí orúkọ ọmọ ọlọ́lá?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ Ìjẹ̀bú ni mí, Amẹ́ríkà ni mò ń gbé, Júù ni ọkọ mi. Lọ́dún tó kọjá ni ìyá tó bí ìyá rẹ̀ kú. Jennie ló wà nínú gbogbo ìwé wọn, ṣùgbọ́n Yente ni wọ́n ń pè wọ́n nílé. Oyún mi ti pé oṣù méje, àwọn dókítà sì ti sọ fún wa pé obìnrin ni. Ìyá ọkọ mi fẹ́ ká sọ ọmọ náà ní Yente. Ẹnì kan tí a jọ ń ṣiṣẹ́ gbọ́ ọ, ló bá bú sẹ́rìn-ín, ó ní olófòófó ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀. Kí ni orúkọ yìí ń sọ gan-an? Ṣé mo lè sọ ọmọ mi bẹ́ẹ̀ kí wọ́n má fi ṣe yẹ̀yẹ́ níléèwé?

ÌDÁHÙN: Ẹ kú ìmúra o, màmá ọmọ. À á gbọ́ ohùn ìyá, à á gbọ́ ohùn ọmọ.

Ẹni tí ẹ jọ ń ṣiṣẹ́ kò parọ́. Lóòótọ́ ni àwọn ará Amẹ́ríkà máa ń pe olófòófó, ẹni tó ń tojú bọ ọ̀rọ̀ ọlọ́rọ̀, ní yenta. Ṣùgbọ́n àná òde yìí ni ìtumọ̀ yẹn dé. Orúkọ náà ti wà fún ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún kó tó di èébú, ọ̀rọ̀ iyì ni wọ́n sì ti yọ ọ́. Iṣẹ́ ìwádìí orúkọ ni mò ń ṣe. Nínú gbogbo orúkọ àtijọ́ tí àwọn obìnrin Júù ń jẹ́, n kò mọ èyí tí ayé fìyà jẹ láìṣẹ̀ tó o.

Yídíìṣì ni èdè tí wọ́n ti ń jẹ́ ẹ. Èdè àwọn Júù Ashkenazi ni, ìyẹn àwọn tó fi àárín àti ìlà-oòrùn Yúróòpù ṣe ilé. Ẹni tó bá gbọ́ Jámánì á gbọ́ púpọ̀ nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n lẹ́tà Hébérù ni wọ́n fi ń kọ ọ́, ọ̀rọ̀ Hébérù pọ̀ nínú rẹ̀, ọ̀rọ̀ àwọn ará Pólàńdì àti Rọ́ṣíà náà sì wà níbẹ̀. Yente kò ti inú ọ̀kankan nínú wọn wá. Ní nǹkan bí ọ̀rúndún kẹwàá, àwọn Júù kan tẹ̀dó sí agbègbè odò Rhine, ní Mainz àti Worms, lẹ́yìn náà ní Speyer. Ítálì àti ilẹ̀ Faransé ni púpọ̀ nínú wọn ti wá, èdè ibẹ̀ ni wọ́n sì gbé wá. Nígbà tó yá, Jámánì gba ẹnu wọn, èdè àtijọ́ lọ, àfi ìwọ̀nba ọ̀rọ̀ tó takú. Bentshn, tí wọ́n fi ń sọ pé èèyàn ń súre, wá láti inú benedicere ti Látìnì. Leyenen, tó jẹ́ kíkàwé, wá láti inú legere.

Orúkọ obìnrin wà lára ohun tó takú yẹn. Gentile ni ìyá tó bí Yente, ọ̀rọ̀ tí àwọn ará Ítálì àti Faransé àtijọ́ fi ń pe ẹni tí wọ́n bí nílé ọlá, ẹni tó níwà pẹ̀lẹ́. Ó ní àbúrò àti ẹ̀gbọ́n: Shprintze, tó wá láti inú ọ̀rọ̀ tó ń jẹ́ ìrètí, àti Toltse, tó wá láti inú ọ̀rọ̀ tó ń jẹ́ dídùn.

Ìdí tí àwọn obìnrin fi gbé irú orúkọ báyìí dúró, tí àwọn ọkùnrin kò sì fi bẹ́ẹ̀ gbé e, kò ṣòro láti rí. Ọkùnrin gbọ́dọ̀ ní orúkọ mímọ́, Hébérù ló sì sábà máa ń jẹ́, torí orúkọ yẹn ni wọ́n fi ń pè é síwájú ní sínágọ́gù nígbà tí wọ́n bá ń ka Tórà, ìyẹn ìwé márùn-ún Mósè. Wọn kì í pe obìnrin láyé ìgbà yẹn. Nítorí náà, ẹnu ilé ni wọ́n fi ń sọ ọmọbìnrin lórúkọ, orúkọ tó bá wu ìyá àti ìyá àgbà. Ohun tí wọ́n fi lé àwọn obìnrin sẹ́yìn náà ló jẹ́ kí èdè àwọn baba ńlá kù sí wọn lára. Lójú tèmi, ibi tí orúkọ Yente ti níyì jù nìyẹn.

Ẹ jẹ́ kí n mú yín dé ilé kan ní Worms kí ẹ lè rí irú àwọn obìnrin tó ń jẹ́ irú orúkọ bẹ́ẹ̀. Dulcea ni orúkọ ìyàwó Rábì Eleazar, ọ̀kan lára àwọn ọ̀mọ̀wé ńlá ìgbà náà. Dulcea ló ń yáni lówó, èrè rẹ̀ ló fi ń bọ́ ọkọ, àwọn ọmọ, àti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí ọkọ rẹ̀ ń kọ́. Ó ń fi okùn rán awọ Tórà pọ̀, ó ń ṣe òwú àtùpà fún sínágọ́gù, ó ń kọ́ àwọn obìnrin ìlú mìíràn ní orin àdúrà, ó ń ṣe ìyàwó lọ́ṣọ̀ọ́. Ní 1196 àwọn apànìyàn já wọ ilé náà. Wọ́n pa á, wọ́n pa ọmọbìnrin rẹ̀ méjèèjì, Bellet àti Hannah. Orin arò tí ọkọ rẹ̀ kọ ló jẹ́ ká mọ gbogbo èyí. Ẹ wo orúkọ àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta: Dulcea, dídùn; Bellet, arẹwà. Hannah nìkan ni orúkọ rẹ̀ ti inú Bíbélì wá. Inú irú ilé bẹ́ẹ̀ ni Yente ti jáde.

Nígbà tí àwọn Júù ń sá lọ sí ìhà Pólàńdì, orúkọ náà bá wọn lọ. Níbẹ̀, kò sí àbùkù kankan lára rẹ̀. Àwọn Hasid, ẹgbẹ́ onígbàgbọ́ tó bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀ ní ọ̀rúndún kejìdínlógún, ní ìtàn obìnrin kan tí wọ́n ń pè ní Yente Wòlíì. Wọ́n ní Baal Shem Tov, tó dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀, fúnra rẹ̀ ló fi oyè yẹn pè é.

New York ni wọ́n ti ba orúkọ jẹ́. Ìwé ìròyìn Yídíìṣì kan wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ Forverts, ọdún 1897 ni wọ́n dá a sílẹ̀, kò sì sí ilé aṣíkiri tí kì í dé. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, aláwàdà kan tó ń jẹ́ Jacob Adler (kì í ṣe òṣèré tíátà tí wọ́n jọ ń jẹ́rúkọ), tó ń fi B. Kovner bojú kọ̀wé, bẹ̀rẹ̀ sí í kọ nípa obìnrin kan nínú rẹ̀. Yente Telebende ló pè é. Yente yìí kì í dákẹ́, kì í jẹ́ kí Mendel ọkọ rẹ̀ gbádùn, kò sí ọ̀rọ̀ aládùúgbò tí kì í dá sí. Àwọn èèyàn fẹ́ràn rẹ̀ gan-an, ó sì dé orí ìtàgé. Láìpẹ́, wọ́n ti ń pe obìnrin èyíkéyìí tí ẹnu rẹ̀ kò sinmi ní yente. Nígbà tí àwọn ọmọ wọn fi Yídíìṣì sílẹ̀ tí wọ́n gba Gẹ̀ẹ́sì mú, ọ̀rọ̀ náà bá wọn sọdá. Mo rò pé ohun tó ṣẹlẹ̀ sí ìyá àgbà ọkọ yín nìyẹn, bíi ti ọ̀pọ̀ Yente ìgbà yẹn: nílé, Yente, níta, Jennie.

Ní 1964, eré orin Fiddler on the Roof tún wá bu epo sí i. Alárinà tó ń wá ọkọ fún àwọn ọmọge inú eré náà, Yente ni wọ́n sọ ọ́. Látìgbà yẹn ni ọ̀pọ̀ èèyàn ti rò pé alárinà ni Yídíìṣì ń pè ní yente. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá, shadkhn ni alárinà ń jẹ́ ní Yídíìṣì. Inú ìtàn Sholem Aleichem, òǹkọ̀wé Yídíìṣì, ni wọ́n ti mú eré yẹn jáde, ṣùgbọ́n kò sí Yente alárinà kankan níbẹ̀. Ọkùnrin ni alárinà tirẹ̀, Efrayim ló ń jẹ́. Bí ẹnì kan bá sọ èyí fún yín níbi ìkómọ, ẹ ti mọ ohun tí ẹ máa dá a lóhùn.

Ohun kan tún wà tí mo fẹ́ kí ẹ mọ̀ kí ẹ tó pinnu, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀rọ̀ ìbànújẹ́ ni. Ní oṣù kẹjọ ọdún 1938, ìjọba Násì ní Jámánì ṣe òfin pé Júù tí orúkọ rẹ̀ kò bá sí nínú àkọsílẹ̀ kan gbọ́dọ̀ fi orúkọ mìíràn kún un láti ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 1939, kí gbogbo ayé lè mọ̀ pé Júù ni: Israel fún ọkùnrin, Sara fún obìnrin. Àkọsílẹ̀ yẹn ni orúkọ tí àwọn fúnra wọn kà sí orúkọ Júù pọ́ńbélé, tí kò nílò àfikún. Jente wà nínú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe kọ ọ́, torí J ni Jámánì fi ń kọ ohùn Y. Lẹ́yìn náà ni wọ́n pa nǹkan bí mílíọ̀nù mẹ́fà Júù, èyí tó pọ̀ jù nínú wọn ló sì ń sọ Yídíìṣì. Ọ̀pọ̀ orúkọ ló pa rẹ́ nítorí pé kò sí ẹni tó kù láti jẹ́ ẹ. Ó yẹ kí ẹ ní èyí lọ́kàn nígbà tí ìyá ọkọ yín bá ń sọ̀rọ̀ nípa orúkọ ìyá wọn.

Àṣà tiwọn náà rèé. Àwọn Ashkenazi kì í fi orúkọ ẹni tó wà láàyè sọ ọmọ, ẹni tó ti lọ ni wọ́n ń fi sọ ọ́. Àwọn Sephardi, tí wọ́n ṣẹ̀ wá láti Sípéènì, ń fi orúkọ ìyá àgbà tó ṣì wà láàyè sọ ọmọ, wọ́n sì kà á sí ọlá fún un. Ìyá àgbà ọkọ yín ti lọ, nítorí náà, ọmọ yín ló bọ́ sí àsìkò.

Ní ti yẹ̀yẹ́ tí ẹ ń bẹ̀rù, ìmọ̀ràn mi ni pé kí ẹ má ṣe kọ Yenta pẹ̀lú a, torí bí èébú náà ṣe wà nínú ìwé atúmọ̀ èdè wọn nìyẹn. Ẹ lo Yentl. Orúkọ kan náà ni. L ìparí yẹn ni Yídíìṣì fi ń ṣe orúkọ ní kékeré, bí èèyàn ṣe ń pe ọmọ tó fẹ́ràn. Lẹ́yìn fíìmù Yentl tí Barbra Streisand ṣe ní 1983, láti inú ìtàn Isaac Bashevis Singer, ohun tó ń wá sọ́kàn ọ̀pọ̀ ará Amẹ́ríkà tí wọ́n bá gbọ́ Yentl ni ọmọbìnrin tó múra bí ọkùnrin torí pé ó fẹ́ kọ́ Tórà lọ́ranyàn. Kò sí ẹ̀gàn níbẹ̀. Ní Brooklyn, láàárín àwọn Hasid, àwọn ọmọdébìnrin ṣì ń jẹ́ ẹ, Yenty ni wọ́n sì sábà máa ń fi ké wọn.

Ẹ tún lè ṣe bí ìyá àgbà náà ti ṣe. Ọ̀pọ̀ Júù Amẹ́ríkà ló ní orúkọ méjì: ti ìwé ìjọba, àti ti ẹ̀sìn, èyí tí wọ́n fi ń pe èèyàn nínú sínágọ́gù, tí wọ́n ń kọ sínú ìwé ìgbéyàwó àti sára òkúta ibojì. Yente tàbí Yentl tó orúkọ ẹ̀sìn fúnra rẹ̀, kò di dandan kí wọ́n wá orúkọ Hébérù tì í. Ẹ bá rábì yín sọ̀rọ̀ ṣáájú, torí ohun tó ń sọ ọmọ di Júù kò dọ́gba. Àwọn Orthodox, tí wọ́n di òfin àtijọ́ mú ṣinṣin, ní ọ̀dọ̀ ìyá ló ti ń wá, nígbà tí àwọn Reform, ìjọ tó ń tún àṣà ṣe, ní Amẹ́ríkà ti gbà láti 1983 pé ọmọ tí baba rẹ̀ jẹ́ Júù náà lè jẹ́ Júù bí wọ́n bá tọ́ ọ bẹ́ẹ̀. Bí ibi tí ẹ wà bá ṣe gbà ni wọ́n ṣe máa kéde orúkọ náà.

Ẹ̀yin náà ní orúkọ tí ẹ máa fún un. Mo ti fojú inú rí i pé àwọn ará ilé yín ní Ìjẹ̀bú á ní Yétúndé ni, nígbà tí ìyá àgbà ti lọ kí ọmọbìnrin tó dé. Yétúndé Yentl dùn-ún pè. Ẹ kàn kọ́kọ́ bá ìyá ọkọ yín sọ ọ́, torí ohun tí Yétúndé ń sọ ni pé ìyá fúnra rẹ̀ ti padà wá, nígbà tó jẹ́ pé ohun tí ọ̀pọ̀ Ashkenazi ń wá ni pé kí orúkọ ìyá má ṣègbé. Àwọn kan nínú wọn á gba ti Yétúndé tọwọ́ tẹsẹ̀, ó lè má bá àwọn mìíràn lára mu. Ẹ jẹ́ kí wọ́n mọ̀ ọ́n lẹ́nu yín kí wọ́n tó gbọ́ ọ níta.

Ó ku ọ̀rọ̀ bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́. Lẹ́tà Hébérù márùn-ún ni Yente, márùn-ún náà ni Yentl, èyí tó gbẹ̀yìn nìkan ló yàtọ̀. Àwọn rábì kì í fojú kékeré wo irú ìyàtọ̀ bẹ́ẹ̀: bí ìgbéyàwó bá tú, lẹ́tà kan tí wọ́n ṣì kọ nínú orúkọ lè ba ìwé ìkọ̀sílẹ̀ jẹ́, torí náà ni wọ́n fi kọ odidi ìwé sílẹ̀ lórí bí a ṣe ń kọ orúkọ obìnrin. Ẹ má ṣe gbára lé ohun tí àwọn ọmọ ilé rántí. Wọ́n sábà máa ń ṣí òkúta ibojì lẹ́yìn nǹkan bí ọdún kan tí èèyàn kú, ó sì ṣeé ṣe kí ti ìyá àgbà ti wà níbẹ̀. Orúkọ Júù wọn àti orúkọ bàbá wọn á wà lára rẹ̀ ní Hébérù. Kí ọkọ yín lọ ya fọ́tò rẹ̀ dáadáa, kí ó fi ránṣẹ́ sí rábì, kí ìyẹn sì bá yín dà á kọ. Bí ẹ bá tún fẹ́ wá ìwé ìrìnàjò àwọn òbí wọn, ẹ fi Jente àti Jenta wá a pẹ̀lú, torí bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́ ní Pólàńdì nìyẹn, èbúté tí ọkọ̀ ojú omi ti gbéra ni wọ́n sì ti ń kọ orúkọ èrò sílẹ̀.