Kí ló dé tí àwọn ará agbo ilé kan ní Kétu fi máa ń ṣí lọ sí àdúgbò kan náà?

Kétu ti ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ la ń sọ o, kì í ṣe Kétu Èkó. Ẹni téèyàn mọ̀ níbì kan ló máa ń fà á lọ síbẹ̀, owó nìkan kọ́. Ẹni àkọ́kọ́ ló ń jìyà: kò mọ̀nà, kò níbi tí yóò sùn. Àbúrò tó tẹ̀ lé e ti rí yàrá tó lè tẹ́ ẹní sí, ẹ̀gbọ́n sì ti bá ọ̀gá sọ̀rọ̀ sílẹ̀ dè é. Bí ìnáwó àti ewu ṣe ń dín kù nìyẹn. Douglas Massey, onímọ̀ nípa àwùjọ ẹ̀dá, rí irú rẹ̀ láàárín àwọn tó ń ṣí láti Mẹ́síkò lọ sí Amẹ́ríkà.

Ẹ má fojú di ojúlùmọ̀ lásán o. Mark Granovetter, tóun náà jẹ́ onímọ̀ nípa àwùjọ ẹ̀dá, kọ ọ́ ní 1973 pé ọ̀dọ̀ wọn ni ìròyìn iṣẹ́ tuntun ti sábà ń wá, torí ohun tí ará ilé wa gbọ́, àwa náà ti gbọ́ ọ.

Lónìí, orí WhatsApp ni irú ìròyìn bẹ́ẹ̀ tún ń gbà. Ẹnì kan á fi ohùn ránṣẹ́ láti Èkó: “Tó o bá dé Ìlárá, pè mí kó o tó ṣẹ́ séfà ẹ sí náírà.” Ìlárá yẹn, ààlà ló là á sí méjì, ẹbí sì wà ní ìhà méjèèjì.