Bog rosemary kì í ṣe rosemary irun

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́, ọ̀gá. London ni mo ń gbé. Mo ra igi kékeré kan níbi tí wọ́n ti ń ta òdòdó, "bog rosemary" ni wọ́n kọ sára ìkòkò rẹ̀. Mo fẹ́ máa sè é fún irun mi, kí n sì máa já díẹ̀ sínú ọbẹ̀ adìẹ. Àmọ́ ewé rẹ̀ ti ń pọ́n, bẹ́ẹ̀ mò ń bomi rin ín dáadáa. Kí ni kí n ṣe?

Ìdáhùn: Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ má já ewé kankan níbẹ̀. Orúkọ ló pa wọ́n pọ̀. Rosemary irun, mọ̀lẹ́bí efinrin ni. Èyí tó wà lọ́wọ́ yín, Andromeda polifolia, ìdílé àwọn igi kékeré tí wọ́n ń pè ní heather ló ti wá, ó sì ní májèlé kan tí wọ́n ń pè ní grayanotoxin. Ẹni tó bá jẹ ẹ́ lè máa da itọ́, kó máa bì, kí òòyì máa kọ́ ọ, kí ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ wálẹ̀, kí ọkàn rẹ̀ sì máa lù díẹ̀díẹ̀. Ẹ má fi sórí náà: omi irun kì í pẹ́ kan ẹnu, ọmọdé sì lè rí i nínú fíríìjì kó gbé e mu. Bí ẹnikẹ́ni bá ti jẹ ẹ́, ẹ pe 111, nọ́ńbà ìmọ̀ràn ìlera níbẹ̀. Bó bá ń dákú, 999 ni, ti pàjáwìrì.

Àwọn kan á ní kí ẹ yí ewé padà, kí ẹ wò ó bóyá abẹ́ rẹ̀ funfun. Ìyẹn ò lè là yín: abẹ́ ewé àwọn méjèèjì ló funfun, etí rẹ̀ sì ká wọnú. Ẹ fi ìka run ún ni. Rosemary á ta sí yín nímú lójú ẹsẹ̀. Eléyìí ò ní òórùn yẹn. Ewé rosemary a máa kọjú síra ní méjì-méjì lára ẹ̀ka. Ti eléyìí, ọ̀kan níhìn-ín, ọ̀kan lọ́hùn-ún. Òdòdó rẹ̀ pupa fẹ́ẹ́rẹ́, bí ìkòkò kékeré tí wọ́n dorí rẹ̀ kodò. (Linnaeus, ará Sweden tó rí i ní Lapland ní 1732, ló sọ ọ́ lórúkọ Andromeda, ọmọ ọba inú ìtàn àwọn Gíríìkì tí wọ́n dè mọ́ àpáta létí òkun, torí inú omi ni ẹsẹ̀ igi náà máa ń wà.)

Ní ti ewé tó ń pọ́n, omi ẹ̀rọ ni mo fura sí. Inú irà ni ilé rẹ̀, irú Cors Caron ní Wales, níbi tí ilẹ̀ ti kan, tó jẹ́ pé òjò ló ń bomi rin ín. Omi ẹ̀rọ London kún fún ẹfun. Ẹ yẹ inú kẹ́tù yín wò. Ẹfun yìí kì í jẹ́ kí gbòǹgbò rí irin fà mu, ni ewé á bá máa pọ́n láàárín iṣan rẹ̀. Ẹ gbé bàsíà síta kí ẹ gbe omi òjò, kí ẹ sì pààrọ̀ ilẹ̀ inú ìkòkò náà sí èyí tí wọ́n kọ "ericaceous" sára àpò rẹ̀, ìyẹn ilẹ̀ tó kan. Ẹ má da eérú sí i bí àwọn ìyá wa ṣe ń dà á sídìí ẹ̀fọ́ o, á tún burú sí i ni. Ìta ni kó máa wà, òtútù ò ní pa á, kí ilẹ̀ rẹ̀ má sì gbẹ rárá.

Rosemary irun, ibi tí wọ́n ń ta ewé ọbẹ̀ ni kí ẹ ti rà á. Ìkòkò ọ̀tọ̀ ni kí ẹ gbìn ín sí: òun kì í fẹ́ kí omi dúró sídìí òun, gbòǹgbò rẹ̀ á jẹrà.