Kọ́kọ́rọ́ wà lọ́wọ́ mi, ọkọ̀ ní òun kò rí i

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ọ̀gá wa. Toyota Camry 2012 ni mò ń wà, tòkunbọ̀ Amẹ́ríkà, èyí tí wọ́n ń fi bọ́tìnnì sítáàtì. Ó ti tó ọ̀sẹ̀ méjì tó ti ń sọ pé òun kò rí kọ́kọ́rọ́. Tí mo bá tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀mejì lẹ́ẹ̀mẹta, á jí. Lánàá, ó kọ̀ jálẹ̀. Rewáyà àdúgbò wa ní kí n lọ ra ọpọlọ ọkọ̀ (kọ̀ǹpútà tó ń darí ọkọ̀) mìíràn. Ṣé kí n rà á?

Ìdáhùn: Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì rà á, ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tú wáyà kankan. Ẹ kọ́kọ́ ṣe èyí: ẹ tẹ bíréèkì mọ́lẹ̀, kí ẹ fi ojú kọ́kọ́rọ́ tí àmì Toyota wà kan bọ́tìnnì náà gan-an. Tí ẹ bá gbọ́ tó dún, ẹ tẹ bọ́tìnnì kíá.

Tó bá jí, bátìrì kékeré inú kọ́kọ́rọ́ ni mo fura sí jù. Nǹkan méjì ló wà nínú kọ́kọ́rọ́ yẹn. Ọ̀kan ni rédíò tó ń dá ọkọ̀ lóhùn láti òkèèrè. Bátìrì ló ń lò. Èkejì ni ṣíìpù tí ìdánimọ̀ kọ́kọ́rọ́ wà nínú rẹ̀. Ìyẹn kò nílò bátìrì rárá, agbára tó ń ti ara bọ́tìnnì wá ti tó o, bó bá ṣáà ti sún mọ́ ọn. Nígbà tí bátìrì bá ń kú lọ, kọ́kọ́rọ́ á ṣì máa dáhùn, ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ kò ní í dé ọ̀dọ̀ ọkọ̀ mọ́. Bí tiyín ṣe ń ṣe é lọ́ ṣe é bọ̀ fún ọ̀sẹ̀ méjì jọ ìyẹn gan-an.

Ẹ ṣí kọ́kọ́rọ́, kí ẹ ka nọ́ńbà tó wà lára bátìrì, òun gan-an ni kí ẹ rà. CR2032, bí àpẹẹrẹ, fẹ̀ tó mìlímítà 20, ó sì nípọn tó 3.2. Ẹni tó bá ta 2025 fún yín pé ọ̀kan náà ni wọ́n, 2.5 péré ni tirẹ̀ nípọn. Kò ní í jókòó dáadáa. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ju ti àtijọ́ sílẹ̀ níbi tí ọmọdé lè dé. Bí ọmọ bá gbé e mì, ó lè jó o lọ́nà ọ̀fun láàárín wákàtí méjì.

Tó bá jẹ́ pé ojú kan ṣoṣo ló ti ń ṣe báyìí, ẹ wò ó bóyá òpó ìbánisọ̀rọ̀ wà nítòsí, tàbí bóyá àpò kan náà ni fóònù yín àti kọ́kọ́rọ́ wà.

Tí kò bá jí rárá, ẹ wọn bátìrì ọkọ̀. Èyí tó ní láárí máa ń tó fólítì 12.6 tó bá ti sinmi. Tó bá wá sílẹ̀ ju 12 lọ, ẹ gba iná sí i ná.

Bó bá jẹ́ kọ́kọ́rọ́ tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ rà ni, ẹ bi ẹni tó tà á léèrè ibi tó ti wá. Ìgbì rédíò tí kọ́kọ́rọ́ Amẹ́ríkà ń lò tó nǹkan bí 315 MHz, ti Yúróòpù tó 434 MHz. Kò sí bí wọ́n ṣe lè ṣe é tí ti Yúróòpù á fi máa bá ọkọ̀ yín sọ̀rọ̀ láti òkèèrè.

Tó bá jẹ́ pé kọ́kọ́rọ́ kan ṣoṣo lẹ ní, ẹ jẹ́ kí wọ́n ṣe èkejì nísinsìnyí tí ọkọ̀ ṣì mọ èyí tó wà lọ́wọ́ yín. Òun ni wọ́n á fi fi èkejì han ọkọ̀.