Èsì: Ẹ̀wà àti sọ́séèjì inú páànù, tí ò ní lọ́ràá jù

Ẹ kú iṣẹ́ o, àǹtí. Ẹ ní ẹ fẹ́ se ẹ̀wà àti sọ́séèjì bíi tàwọn ará ìhà gúúsù orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà (USA), ṣùgbọ́n ẹ ò fẹ́ ọ̀rá. Ó ṣeé ṣe jàre. Sọ́séèjì ẹlẹ́dẹ̀ ló ń kó ọ̀rá yẹn wá, ẹ lo ti tòlótòló tí wọ́n ti fi èéfín yan, ẹ gé e wẹ́wẹ́ kẹ́ ẹ dà á sínú páànù irin tó wúwo yẹn, tó bá ti gbóná, òróró ṣíbí tíì kan péré, ẹ má tètè rò ó o, ẹ jẹ́ kó pọ́n dáadáa torí ibi tó lẹ̀ mọ́ ìdí páànù yẹn gan-an ladùn wà. Ẹ kó o jáde, ẹ wá da àlùbọ́sà, sẹ́lẹ́rì (ewébẹ̀ kan tó ní igi tútù gígùn) àti tàtàṣé tútù sí i, tó bá ti rọ̀ ẹ bu omi díẹ̀ kẹ́ ẹ fi ṣíbí onígi ha ìdí ẹ̀.

Ẹ̀wà tí wọ́n ń pè ní black-eyed peas, ẹ̀wà funfun tiwa náà ni, ayé òwò ẹrú ló ti Áfíríkà débẹ̀. Inú agolo lèmi ti ń bù ú, mo máa ń fomi ṣàn án dáadáa kíyọ̀ ẹ̀ lè dínkù. Àwọn èròjà Cajun inú ike tẹ́ ẹ máa bù sí i, ìyẹn èròjà ata tàwọn ará Louisiana ní Amẹ́ríkà, ti níyọ̀ tẹ́lẹ̀, ẹ má tún fi kún un, mo ṣe bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ kan, àwọn ọmọ ò fẹnu kàn án! Ẹ da ẹ̀wà sínú páànù, ẹ da sọ́séèjì padà, kẹ́ ẹ gé ẹ̀fọ́ collard (ẹ̀fọ́ eléwé fẹ̀rẹ̀gẹ̀dẹ̀ tó jọ kábéèjì) sí i, kó sè fún bíi ìṣẹ́jú 15. Ìrẹsì ńkọ́? Ìwọ̀nba ni o.